Pina Bausch: Ta Ló Yẹ Kó Darí Kámẹ́rà?

Ẹ kú ìjókòó o. Ẹ̀yin tẹ́ ẹ ti gbọ́ ọ̀rọ̀ mi rí ti mọ ibi tí mò ń lọ: ẹni tó to ijó ló yẹ kó pinnu ibi tí kámẹ́rà máa wò. Àwọn ọ̀rẹ́ mi kan nídìí iṣẹ́ tẹlifíṣọ̀n ní àsọdùn ni. Ẹ jẹ́ kí wọ́n máa wí. Mi ò tíì rí èyí tó mọ ijó jó nínú wọn.

Ẹ wo Pina Bausch, obìnrin tó máa ń to ijó. Solingen ní Jámánì ni wọ́n bí i sí lọ́dún 1940. Ó kọ́ ijó lọ́dọ̀ Kurt Jooss, gbajúmọ̀ atòjó, ní ilé ẹ̀kọ́ Folkwang, ní Essen, ó sì tún kọ́ sí i ní New York. Lọ́dún 1973, wọ́n fi í ṣe olórí àwọn oníjó ìlú Wuppertal. Inú àwọn òǹwòran kò kọ́kọ́ dùn sí i. Àwọn mìíràn á dìde láàárín eré, wọ́n á gbá ilẹ̀kùn gbàà, ó di ilé.

Ẹ jẹ́ ká dúró lórí ijó tí Pina tò lọ́dún 1975 sí The Rite of Spring, orin tí Stravinsky, ọmọ Rọ́ṣíà, kọ. Ó ní kí wọ́n da erùpẹ̀ dúdú bo gbogbo orí ìtàgé. Bí ijó ṣe ń le sí i, erùpẹ̀ ń lẹ̀ mọ́ òógùn, aṣọ fẹ́lẹ́fẹ́lẹ́ tí àwọn obìnrin wọ̀ ń di ẹlẹ́rẹ̀. Aṣọ pupa kan ń ti ọwọ́ kan bọ́ sí òmíràn, ẹ̀rù ẹ̀ sì ń ba gbogbo wọn, torí ẹni tó bá wọ̀ ọ́ ni yóò jó títí ẹ̀mí yóò fi bọ́. Tí kámẹ́rà bá sún mọ́ ọmọbìnrin tó wọ̀ ọ́, ẹ ó rí bó ṣe ń mí gúlegúle, àmọ́ agbo tó dúró tó ń wò ó ti bọ́ kúrò lójú yín. Ta ló mọ èyí tó ṣe pàtàkì jù níbẹ̀? Ẹni tó tò ó ni!

Lọ́dún 1990 ni Pina gbé fíìmù tí òun fúnra rẹ̀ darí jáde. Obìnrin kan wọ aṣọ ehoro, ó ń ta gọ́ọ́gọ́ọ́ nínú oko. Ìtàgé wo ló máa gba oko?

Alága ti ń nàka sí aago. Kontakthof, eré ijó Pina mìíràn tí àwọn àgbà tó ti lé lẹ́ni ọdún 65 jó lọ́dún 2000, mo fò ó.

Ọmọbìnrin kan láàárín èrò wá béèrè pé, “Ẹ jọ̀ọ́ sà, kí ló kàn wá níbẹ̀?” Mo ní ó kàn wá. Orílẹ̀-èdè Benin ni wọ́n ti bí Germaine Acogny, oníjó àti atòjó, abọrẹ̀ Yorùbá sì ni ìyá bàbá rẹ̀. Ilé ẹ̀kọ́ ijó tó dá sílẹ̀ ní Senegal ni àwọn oníjó láti orílẹ̀-èdè 14 ní Áfíríkà ti kọ́ ijó erùpẹ̀ yìí. Kòrónà dé lọ́dún 2020, kò jẹ́ kí wọ́n gbé e dé Dakar. Wọ́n bá jó o létí òkun nírọ̀lẹ́, lórí iyanrìn, kámẹ́rà sì ń ká a.

Ọmọ yìí ò jókòó. “Sà, Pina ti kú láti 2009. Ta ló wá pinnu ibi tí kámẹ́rà wò?”

Gbogbo gbọ̀ngàn hó yèè. Mo ní àwọn tó bá Pina jó ló kọ́ wọn. Ó ní, “Kámẹ́rà ni mo béèrè, sà.” Kí n tó lanu, alága ti pa máíkì.