Obìnrin tí ọkọ ń lù tó sá wá bá wa: wáàsí ọjọ́ Jímọ̀

Àsàláámù aláékúmù wàráhmátúlláhì wàbàrákátùh, ẹ̀yin ará mi, Ọlọ́hun á jẹ́ ká jẹ oore Jímọ̀ òní.

Ọ̀rọ̀ tí mo gbé wá lónìí kì í wọ́pọ̀ lórí mínbárì, ọ̀rọ̀ ọkùnrin tó ń lu ìyàwó ẹ̀ ni. Mo mọ̀ pé bí mo ṣe dárúkọ ẹ̀ báyìí, àwọn kan ti ń sọ nínú ara wọn pé ọ̀rọ̀ tọkọtaya nìyẹn, kí ló kan àáfà níbẹ̀. Ó kan àáfà gan-an ni, torí ọ̀dọ̀ wa ni wọ́n máa ń kọ́kọ́ gbé e wá kó tó dé ọ̀dọ̀ ọlọ́pàá, kó tó dé ọ̀dọ̀ dókítà pàápàá, ohun tí a bá sì sọ fún obìnrin yẹn lọ́jọ́ náà ló máa gbé padà sílé, ohun náà lè yọ ọ́, ohun náà sì lè pa á.

Ẹ jẹ́ ká bára wa sọ òótọ́ nípa nǹkan tí a máa ń sọ. Obìnrin á dé, ojú á ti wú, á fi híjáàbù bo ibi tí wọ́n ti fún un lọ́rùn, á jókòó sẹ́gbẹ̀ẹ́ ìyàwó lèmọ́mù, ìbéèrè àkọ́kọ́ tó máa jáde lẹ́nu wa ni pé "kí lo ṣe fún un?" Ẹ̀yìn ìyẹn la ó wá ní kó ṣe sùúrù, pé ilé ọkọ ilé ẹ̀kọ́ ni, kó rántí àwọn ọmọ ẹ̀, kó fi kún àdúà, a ó pe ọkọ, ọkọ á dọ̀bálẹ̀ fún àáfà, kì í ṣe fún ìyàwó tó nà o, fún àáfà ni, a ó ṣàdúà, a ó ní kí wọ́n máa lọ. Bó bá sá lọ sílé bàbá ẹ̀, ìyá tó bí i lọ́mọ ló máa kọ́kọ́ ní kó padà kí wọ́n má baà pè é ní dálémoṣú ládùúgbò. Bó bá wá ṣèèṣì dárúkọ ọlọ́pàá, ariwo á ta, "a kì í ti kóòtù bọ̀ ká ṣọ̀rẹ́", wọ́n á ní ó fẹ́ ba orúkọ mùsùlùmí jẹ́. Ẹni tí wọ́n lù ló wá di ẹni tó ń ba nǹkan jẹ́.

Ẹ wá wo bí Ànábì wa Muhammad, kí ìkẹ́ àti ọlà Ọlọ́hun máa bá a, ṣe ṣe tiẹ̀. Habibah ọmọ Sahl ni ìyàwó Thabit ọmọ Qays. Thabit yìí kì í ṣe ẹni yẹpẹrẹ láàárín àwọn sàhábà, àwọn ọmọlẹ́yìn Ànábì, òun ni oníwàásù àwọn Ansar, àwọn ará Mẹ̀dínà tó gba Ànábì lálejò, òun ló máa ń dìde sọ̀rọ̀ níwájú àlejò, Ànábì sì fún un ní ìró ìdùnnú àlùjánnà. Ẹni ńlá ni. Ṣùgbọ́n nínú ẹ̀gbàwá Ìyá wa Aishah tí Abu Dawud, ọ̀kan nínú àwọn onímọ̀ tó kó hádíìsì jọ, gbà wá, Thabit lu Habibah débi pé nǹkan ṣẹ́ lára ẹ̀. Bí wọ́n ṣe kírun àsùbáà tán ni obìnrin yìí ti dé ọ̀dọ̀ Ànábì láti fẹjọ́ sùn. Ànábì ránṣẹ́ pe Thabit, ó ní kó gba nínú dúkìá obìnrin náà kó sì yà kúrò lọ́dọ̀ ẹ̀. Thabit bèèrè pé ṣé ìyẹn tọ́, Ànábì ní ó tọ́. Ọgbà méjì ni Thabit fi ṣe sàdáàkì fún un, Ànábì ní kó gba ọgbà ẹ̀ kó jẹ́ kó máa lọ. Ó parí.

Nínú ẹ̀gbàwá yẹn, mi ò rí ibi tí wọ́n ti bi Habibah pé kí ló ṣe. Mi ò rí ibi tí wọ́n ti ní kó padà sílé lọ fara dà á. Wọn ò sì ní torí ẹni ńlá ni ọkọ ẹ̀ kí wọ́n bo ọ̀rọ̀ náà mọ́lẹ̀. Àwa lónìí, tí ọkùnrin bá ti jẹ́ alága ẹgbẹ́ mọ́sálásí, tàbí òun ló ra rọ́ọ̀gì tí a ń kírun lé, a ó ti máa wá ibi tí a máa fi ẹjọ́ obìnrin náà pamọ́ sí.

Hádíìsì kejì, Abu Dawud náà ló gbà á wá. Ànábì ní ẹ má ṣe lu àwọn ẹrúbìnrin Ọlọ́hun. Nígbà tó yá, Umar wá sọ pé àwọn obìnrin ti ń gbójú sí ọkọ wọn, Ànábì bá yọ̀ǹda kí wọ́n lù wọ́n. Kí ló ṣẹlẹ̀? Obìnrin rẹpẹtẹ ló rọ́ wá sí ilé àwọn ìyàwó Ànábì, wọ́n ń fẹjọ́ ọkọ wọn sùn, Ànábì wá jáde, ó ní obìnrin púpọ̀ ti wá sí ìdílé Muhammad, wọ́n ń ráhùn nípa ọkọ wọn, àwọn ọkọ wọ̀nyẹn kì í ṣe ẹni dáadáa jù nínú yín. Ẹ ò rí i, ẹni tó bá ń lu ìyàwó, Ànábì ti yọ ọ́ kúrò láàárín ẹni dáadáa, mi ò mọ ibi tí àwa ti rí àyè tí a fi ń dá a padà.

Mo mọ̀ pé ẹnìkan ti ń ṣí Súrátù Nísáì báyìí, ó ń wá áyà 34. Áyà Ọlọ́hun ni, a ò lè sá fún un, ṣùgbọ́n ta ni wọ́n sọ áyà yẹn kalẹ̀ fún? Ìyá wa Aishah sọ, Imáàmù Muslim tóun náà kó hádíìsì jọ ló gbà á wá, pé Òjíṣẹ́ Ọlọ́hun ò fi ọwọ́ ẹ̀ lu nǹkan kan rí, kò lu obìnrin, kò lu ìránṣẹ́, àyàfi lójú ogun. Àwọn tó ṣàlàyé áyà yẹn ní kò gbọdọ̀ jẹ́ lílù tó ń dùn tàbí tó ń dápàá sára, pákò ni Ibn Abbas, ọ̀kan nínú àwọn sàhábà, sọ, pákò tí a fi ń rin ẹnu. Ata, àgbà onímọ̀ Mẹ́kà, ní kó má tiẹ̀ lù ú rárá, kó kàn bínú sí i. Ẹ sọ fún mi, pákò wo ló ń yọ eyín? Ọkùnrin tó fi bẹ́líìtì na ìyàwó torí ó bèèrè owó oúnjẹ, tó fi ìdí ìgò fọ́ ọ lórí torí ó rí nọ́ńbà obìnrin lórí fóònù ọkọ, kò tẹ̀lé áyà kankan, ìbínú ara ẹ̀ ló ń tẹ̀lé, ó wá ń fi ọ̀rọ̀ Ọlọ́hun bo ara. Áyà 19 nínú súrà kan náà ń bẹ níbẹ̀ tí wọn kì í kà, pé ẹ máa bá wọn gbé pẹ̀lú dáadáa. Nínú Bákárà, áyà 231, Ọlọ́hun ní ẹ má dá wọn dúró láti fi ni wọ́n lára.

Kì í ṣe ọ̀rọ̀ ilé kan méjì mọ́. Ìwádìí ìlera tí wọ́n ṣe káàkiri Nàìjíríà lọ́dún 2018 fi hàn pé nínú obìnrin 100 tí ọjọ́ orí wọn wà láàárín 15 sí 49, àwọn bí 31 ni wọ́n ti fi ọwọ́ ìyà kàn láti ìgbà tí wọ́n ti pé ọdún 15, nínú àwọn tó ti wọlé ọkọ rí, 36 nínú 100 ni ọkọ ti lù, tàbí tó ti fi ipá bá lò, tàbí tó ti fi ọ̀rọ̀ àti ìhàlẹ̀ fìyà jẹ. Èyí tó dùn mí jù níbẹ̀ ni pé obìnrin 28 nínú 100 ló gbà pé ó tọ́ kí ọkọ lu ìyàwó nítorí nǹkan bíi pé oúnjẹ jóná tàbí pé ó jáde láìsọ. Àwa la kọ́ wọn bẹ́ẹ̀. Wáàsí wa wà níbẹ̀, ìyá wọn wà níbẹ̀, ẹ̀fẹ̀ tí a máa ń ṣe níbi yìgì náà wà níbẹ̀.

Ìyà yìí kì í tán lójú ọgbẹ́. Etí tó di látàrí ìgbájú, oyún tó wálẹ̀, obìnrin tó ń gbọ̀n tó bá gbọ́ ìró mọ́tò ọkọ ẹ̀ ní géètì, ọmọ tó ń tọ̀ sára lóru torí ariwo. Ọmọkùnrin tó ń wo bàbá ẹ̀ ń kọ́ iṣẹ́ lọ́wọ́, ọmọbìnrin tó ń wo ìyá ẹ̀ náà ń kọ́ bí wọ́n ṣe ń dákẹ́. Ẹ sì rántí ohun tí Ànábì sọ fún sàhábà rẹ̀ Muadh nígbà tó ń rán an lọ sí Yemen, pé kó ṣọ́ra fún àdúà ẹni tí wọ́n ni lára, kò sí gàgá láàárín àdúà náà àti Ọlọ́hun. Ọkùnrin á wà ní sáfù iwájú ní mọ́sálásí, á máa ṣe àmín sí àdúà lèmọ́mù, ìyàwó ẹ̀ nílé sì ti gbé ọwọ́ méjèèjì sókè sí Ọlọ́hun nítorí ẹ̀. Mo ń bẹ̀rù fún irú ọkùnrin bẹ́ẹ̀ ju bí mo ṣe ń bẹ̀rù fún obìnrin náà lọ.

Ó tún wá ń pa èèyàn o. Osinachi Nwachukwu, akọrin ìjọ Kìrìsìtẹ́nì, kú l'Abuja ní April 2022, ní April 2025 ni ilé ẹjọ́ gíga dájọ́ ikú fún ọkọ ẹ̀. Titilayo Arowolo tí wọ́n pa ní Ìsọlọ̀, l'Ékòó, lọ́dún 2011, ọdún 2014 ni wọ́n dájọ́ ikú fún ọkọ tiẹ̀ náà. Òfin dé lóòótọ́, àmọ́ ẹ̀yìn ìsìnkú ló dé. Èmi fẹ́ kó máa tètè dé.

Òfin sì wà. Èkó ti ṣòfin lórí ìwà ipá nínú ilé láti 2007, Èkìtì ṣe tiẹ̀ ní 2011, èyí tí wọ́n ń pè ní VAPP, òfin ìjọba àpapọ̀ tó ka ìwà ipá sí èèyàn léèwọ̀, Ààrẹ Jonathan ló buwọ́ lù ú ní May 2015, Abuja ló ti kọ́kọ́ múlẹ̀, àwọn ìpínlẹ̀ Yorùbá àti Kwara náà sì ti ṣe tiwọn. Nínú VAPP, ẹni tó bá lu ọkọ tàbí aya ẹ̀ lè lọ ẹ̀wọ̀n tó tó ọdún 3, tàbí kó san owó ìtanràn tó tó ₦200,000, tàbí méjèèjì pọ̀. Ọkọ tàbí aya ni wọ́n kọ o, torí ọkùnrin kan wà tí ìyàwó ń fi omi gbígbóná dẹ́rù bà, ìtìjú ò jẹ́ kó lè sọ ọ́, òfin náà wà fún un. Lílé ìyàwó síta lóru, jíjá owó ọjà gbà lọ́wọ́ ẹ̀, ẹ̀ṣẹ̀ ni gbogbo ẹ̀ nínú òfin yẹn. Adájọ́ tún lè pàṣẹ pé kí ọkùnrin náà má sún mọ́ obìnrin yìí mọ́, dókítà tàbí olùkọ́ sì lè bá a gba àṣẹ yẹn tó bá ti fọwọ́ sí i.

Àwọn ará wa ní Ìlọrin kan máa ń tọ́ka sí Penal Code, òfin ìwà ọ̀daràn tí wọ́n ń lò l'Áríwá, abala 55, pé ó gba ọkọ láyè láti tọ́ ìyàwó sọ́nà. Ẹ kà á parí. Abala yẹn kan náà ní kò gbọdọ̀ di ìpalára ńlá, egungun tó ṣẹ́ tàbí eyín tó kán, ìpalára ńlá ni nínú òfin yẹn. Ọdún 1960 ni òfin náà bẹ̀rẹ̀, kì í ṣe hádíìsì, ẹ má fi gbá Ànábì lójú.

Àti pé ọ̀pọ̀ wa nílẹ̀ Yorùbá, ojú ọ̀nà Imáàmù Malik là ń tọ̀, àwọn onímọ̀ ojú ọ̀nà yẹn sì sọ ọ́ gbangba pé obìnrin tí ọkọ ń ni lára lẹ́tọ̀ọ́ láti lọ bá adájọ́ kí adájọ́ tú yìgì náà ká. Torí náà obìnrin tó lọ sí Area Court, kóòtù tó ń gbọ́ ẹjọ́ yìgì, ní Ìlọrin, tàbí kóòtù ìbílẹ̀ n'Íbàdàn, kò kúrò nínú ẹ̀sìn, ẹ̀sìn ló fún un lọ́nà yẹn.

Ẹni tó bá wà nínú ẹ̀, ẹ jọ̀ọ́, ọsibítù ni kẹ́ ẹ kọ́kọ́ lọ, kí dókítà kọ ohun tó rí sílẹ̀, ẹ ya fọ́tò ojú ọgbẹ́, ẹ má pa àwọn mẹ́sẹ́ẹ̀jì tó fi halẹ̀ mọ́ yín rẹ́, ẹ gbé ìwé ẹ̀rí yín àti tàwọn ọmọ lọ síbòmíì. Ní tésàn, ẹ rí i pé wọ́n kọ ẹjọ́ yín sílẹ̀, tí wọ́n bá ní ẹ lọ yanjú ẹ̀ nílé, ẹ padà lọ pẹ̀lú ẹlòmíì. L'Ékòó, àjọ ìjọba tó ń gbógun ti ìwà ipá nínú ilé, DSVA, wà, 08000 333 333, wọn kì í gbowó. Ẹ̀yin ìyá wa nínú ẹgbẹ́ àsàlátù, ẹ̀yin ni mo fẹ́ kẹ́ ẹ máa tẹ̀lé wọn lọ, èèyàn méjì tàbí mẹ́ta tó bá jókòó ti obìnrin ní tésàn, ọ̀rọ̀ ẹ̀ á yàtọ̀. Owó tí ẹ máa ń dá fún aṣọ ẹgbẹ́, ẹ yọ díẹ̀ níbẹ̀ fún owó mọ́tò àti ilé tó lè sùn fún oṣù kan. Ẹ̀yin ẹbí sì rèé, tí ọlọ́pàá bá ti mú ọkùnrin náà, ẹ yéé lọ bẹ obìnrin pé kó fa ẹjọ́ yọ, ẹ̀bẹ̀ yẹn ló máa ń pa ẹjọ́ wọ̀nyí.

Ọ̀rọ̀ kan ló kù. Nígbà tí Fatimah ọmọ Qays wá gba ìmọ̀ràn lọ́dọ̀ Ànábì nípa àwọn tó fẹ́ fẹ́ ẹ, Ànábì ò bo ìwà ẹnikẹ́ni, ó ní ní ti Abu Jahm, kì í gbé ọ̀pá ẹ̀ kúrò léjìká, ìyẹn ni pé ó máa ń lu obìnrin, ó ní kó fẹ́ Usamah. Àwa tí a mọ̀ pé ọkùnrin yìí lu ìyàwó àkọ́kọ́ títí ìyẹn fi sá lọ, a máa dákẹ́, a máa wọ aṣọ ẹbí lọ síbi yìgì ẹ̀ kejì. Lọ́la Sátidé, yìgì pọ̀ káàkiri. Ẹ̀yin bàbá tí ẹ fẹ́ fọmọ fọ́kọ, ẹ wádìí lọ́wọ́ àwọn tó bá a gbélé kẹ́ ẹ tó gba sàdáàkì, ẹ sọ fún un níṣojú àwọn ẹlẹ́rìí pé ọjọ́ tí kò bá fẹ́ ẹ mọ́ kó dá a padà fún yín láìfọwọ́ kàn án, kí ọmọ yín náà sì gbọ́ ọ lẹ́nu yín lọ́jọ́ yẹn pé yàrá ẹ̀ ṣì wà nílé.