Ẹyẹ Ìwò, Ìjàpá Timothy àti Igbó Irúnmọlẹ̀

ṢADÉ: Ẹ káàbọ̀ o, ẹ̀yin èèyàn wa, ní Lọ́ńdọ̀nù, ní Houston, ní Toronto, níbikíbi tí ẹ ti ń gbọ́ wa. Èmi ni Ṣadé, Bọ̀dé nìyí lọ́wọ́ ọ̀tún mi. Ọ̀rọ̀ ìwé ni tòní, ìwé ẹyẹ àti ìwé igbó. Bọ̀dé ti ń yínmú.

BỌ̀DÉ: Àǹtí Ṣadé, n ò yínmú o. Ẹ ní kí n ka The Natural History of Selborne, ìwé tí àlùfáà òyìnbó kan, Gilbert White, kọ, tó jáde ní 1789, mo sì kà á. Ẹyẹ tibí dé, òjò rọ̀, ẹyẹ tọ̀hún yé ẹyin. Mo ń retí iwin, iwin ò yọ.

ṢADÉ: Ta ló ṣèlérí iwin fún ọ?

BỌ̀DÉ: Ẹni tó bá ti kékeré ka Ògbójú Ọdẹ Nínú Igbó Irúnmọlẹ̀, bó bá ti gbọ́ "igbó" báyìí, Agbákò ló máa wá sí i lọ́kàn. Fìlà irin lórí, ojú mẹ́rìndínlógún yí orí ká. Láti 1938 ni Fágúnwà ti ba ìwé igbó yòókù jẹ́ mọ́ wa lọ́wọ́. Kí wá ni ti Gilbert White tó ń ṣọ́ ẹyẹ lẹ́yìnkùlé?

ṢADÉ: Jẹ́ kí n kọ́kọ́ sọ ẹni tí ọkùnrin náà jẹ́ fún àwọn tí kò mọ̀ ọ́n. Abúlé Selborne ní Hampshire, nílẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, ni wọ́n bí i sí ní 1720, ibẹ̀ náà ló kú sí ní 1793. Kò gbéyàwó. Iṣẹ́ àlùfáà ló ń ṣe, àmọ́ ọkàn rẹ̀ wà nínú ọgbà rẹ̀ àti igbó orí òkè tó wà lẹ́yìn ilé. Lẹ́tà ni gbogbo ìwé yẹn, 110 lẹ́tà, sí àwọn méjì tó fẹ́ràn irú ọ̀rọ̀ bẹ́ẹ̀, Thomas Pennant àti Daines Barrington.

BỌ̀DÉ: Tí díẹ̀ nínú wọn kò sì dé ilé ìfìwéránṣẹ́ rí. Ìgbà tó fẹ́ tẹ̀wé ló kọ wọ́n kún un.

ṢADÉ: Ìyẹn ò bà á jẹ́ lójú tèmi. Ṣé o ka ti ẹyẹ ìwò?

BỌ̀DÉ: Mo kà á. Ẹ bá wọn sọ ọ́.

ṢADÉ: Igbó kékeré kan wà tí wọ́n ń pè ní Losel's. Àwọn igi óákù ibẹ̀ ga, wọ́n sì tọ́ gbọnrangandan. Ọ̀kan wà láàárín wọn tí ara rẹ̀ wú gọbọi ní agbedeméjì. Orí ibẹ̀ ni ìwò méjì, takọtabo, ń kọ́ ìtẹ́ sí lọ́dọọdún, débi pé Igi Ìwò ni gbogbo abúlé ń pè é. Ẹ̀yin ọmọ ìjọ, ẹ mọ ìwò, òun ló ń gbé oúnjẹ fún Èlíjà. Àwọn ọmọkùnrin abúlé ò yéé gbìyànjú láti gun igi yìí. Bí wọ́n bá dé ibi tó wú yẹn, apá ò ní ká a, ẹ̀rù á bà wọ́n, wọ́n á sọ̀ kalẹ̀. Afárá kan lẹ́bàá Hampton Court wá jẹrà. Wọ́n ń wá igi tó gùn ní àádọ́ta ẹsẹ̀ bàtà láìní ẹ̀ka, ogún irú rẹ̀ ni wọ́n sì rí nínú igbó kékeré yẹn. Oṣù kejì ọdún ni wọ́n wá gé wọn, ìgbà tí ìwò ń sàba.

BỌ̀DÉ: Ìyá sì wà lórí ẹyin.

ṢADÉ: Ó wà níbẹ̀. Wọ́n fi ayùn sí ìdí igi, wọ́n ki igi ṣóńṣó bọ ojú ibi tí ayùn là, wọ́n ń fi kùmọ̀ gbá a wọlé, gbì, gbì, gbogbo igbó ń dún. Igi bẹ̀rẹ̀ sí í mì. Ẹyẹ ò dìde. Nígbà tí igi wó, ó fi í sọ̀kò kúrò lórí ìtẹ́, àwọn ẹ̀ka wẹ́wẹ́ sì ń nà án bó ti ń já bọ̀, òkú rẹ̀ ló dé ilẹ̀. White ò sọkún sórí ìwé. Ó kàn ní ìfẹ́ abiyamọ tó ní yẹ ní èrè tó sàn jù bẹ́ẹ̀ lọ, ó sì kọjá síbòmíràn.

BỌ̀DÉ: Ká ní ilẹ̀ wa ni, ta ló máa gé ìrókò láìṣètùtù? Ẹbọ á ti dé ìdí igi kí ayùn tó dé ibẹ̀. Ohun tí mo ń sọ nìyẹn. Nínú ìwé Fágúnwà, igi ní ẹni tó ń gbé inú rẹ̀. Nínú ti òyìnbó, igi kàn jẹ́ igi.

ṢADÉ: O ò tíì dé ibi asín nìyẹn.

BỌ̀DÉ: Asín wo?

ṢADÉ: Asín ẹlẹ́nu gígùn. Àwọn ará Selborne gbà pé bí asín bá gba orí ara màlúù tàbí ẹṣin kọjá, ìrora á mú ẹran náà, ẹsẹ̀ rẹ̀ lè rọ pàápàá. Ohun tí wọ́n ń ṣe sí i ni pé wọ́n á lu ihò jíjìn sára igi ash, wọ́n á ki asín sínú rẹ̀ láàyè, wọ́n á dí i pa, wọ́n á sì pe ọ̀fọ̀ sí i. Láti ọjọ́ náà lọ, ẹ̀ka igi yẹn ti di oògùn nìyẹn. Wọ́n á máa fi ẹ̀ka náà ra ara ẹran tí nǹkan bá ń ṣe.

BỌ̀DÉ: Àǹtí Ṣadé! Ọ̀fọ̀?

ṢADÉ: White ní wọ́n ti gbàgbé ọ̀rọ̀ inú rẹ̀ kó tó di ìgbà tòun. Ọ̀kan nínú irú igi bẹ́ẹ̀ wà lẹ́bàá ṣọ́ọ̀ṣì, arúgbó igi, inú rẹ̀ ti ṣófo. Fíkà tó wà níbẹ̀ nígbà kan ló hú u, ó sì dáná sun ún. Àwọn èèyàn bẹ̀ ẹ́, bẹ̀ ẹ́, kò gbà.

BỌ̀DÉ: Iṣẹ́ tí àwọn míṣọ́nnárì wá ṣe fún wa nílé náà kọ́ nìyẹn?

ṢADÉ: Òun gan-an ni. Wọ́n tún máa ń la igi ash kékeré sí méjì, wọ́n á bọ́ ọmọ tó ní ìpá sí ìhòhò, wọ́n á tì í gba àárín rẹ̀ kọjá. Wọ́n á wá fi amọ̀ lẹ igi náà, wọ́n á dì í. Bí igi bá jinná, ara ọmọ á yá. White rí àwọn igi náà nínú ọgbà oko kan láàárín abúlé, àpá wọn hàn gbangba. Àwọn àgbàlagbà tí wọ́n tì gba inú igi kọjá ní kékeré ṣì wà láàyè nígbà tó ń kọ̀wé.

BỌ̀DÉ: Ó dáa, mo túúbá. Igbó ìyanu wà ní Hampshire. Ṣé òun fúnra rẹ̀ gbà á gbọ́?

ṢADÉ: Rárá o, ó pè é ní ìgbàgbọ́ asán. Ìyanu tirẹ̀ wà ní etí. Ẹyẹ tíńtín kan wà nínú igbó ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, ẹ̀yìn rẹ̀ bíi ewé, kì í dúró jẹ́ kéèyàn rí òun. Ẹyẹ kan ṣoṣo ni ọ̀pọ̀ èèyàn kà á sí. White fetí sí i títí, ó ní orin mẹ́ta ni òun ń gbọ́. Chiffchaff ń pe orúkọ ara rẹ̀. Willow warbler ń bẹ̀rẹ̀ lókè, ohùn rẹ̀ á máa sọ̀ kalẹ̀ wọ́ọ́rọ́. Wood warbler kì í kúrò lórí igi gíga, ohùn tirẹ̀ dà bí owó onírin tí ń yí lórí àwo. Ní 1768 ló kọ̀wé sí Pennant pé mẹ́ta ni wọ́n. Ojú ò tíì yà wọ́n sọ́tọ̀ dáadáa, etí ti yà wọ́n.

BỌ̀DÉ: Èmi ìjàpá rẹ̀ ni mo fẹ́ràn jù. Ó jogún ìjàpá lọ́dọ̀ àǹtí rẹ̀ ní 1780, Timothy lorúkọ rẹ̀. Ó hú u nílẹ̀ níbi tó ti ń sùn, ó gbé e sínú àpótí wá sí Selborne. Ó mú ìwo ńlá tí wọ́n fi ń kígbe, ó ń pariwo mọ́ ọn. Ìjàpá ò dá a lóhùn. Lẹ́yìn tí ìjàpá kú ni wọ́n wá rí i pé abo ni.

ṢADÉ: Yánníbo ni gbogbo ìgbà yẹn!

BỌ̀DÉ: Yánníbo ni o! Igbá ẹ̀yìn rẹ̀ wà ní Natural History Museum ní Lọ́ńdọ̀nù títí di òní. Àmọ́ ibi tí ọkùnrin yìí ti dá mi lágara ni ọ̀rọ̀ alápàáǹdẹ̀dẹ̀. Etí tó mú tó báyìí, kò sì mọ ibi tí alápàáǹdẹ̀dẹ̀ ń lọ nígbà òtútù! Àbúrò rẹ̀, John, ń ṣe àlùfáà ní Gibraltar. Ó fojú ara rẹ̀ rí wọn tí wọ́n ń sọdá sí Áfríkà, ó kọ̀wé sọ fún ẹ̀gbọ́n rẹ̀. Ẹ̀gbọ́n gbà, síbẹ̀ ọkàn rẹ̀ ò balẹ̀, ó ní àwọn kan ní láti sá pamọ́ sí tòsí. Ó ní kí àwọn èèyàn bá òun tú ihò àti igbó ṣúúrú wò!

ṢADÉ: Má bú u. Èyí tó rí ní ìparí oṣù kẹwàá, tó tún yọ lójijì bí oòrùn bá ràn, ló ń dà á láàmú. Kò sì sí ẹ̀rí tó ṣeé fọwọ́ mú nígbà yẹn. Ní 1822 ni wọ́n tó yìnbọn pa àkọ̀ kan nítòsí Klütz, ní Jámánì, tí ọfà ilẹ̀ Áfríkà gún ọrùn rẹ̀ yọ sí òdì kejì. Ẹyẹ náà fò dé Yúróòpù pẹ̀lú ẹ̀! Ó wà ní yunifásítì Rostock títí di òní.

BỌ̀DÉ: Ọdẹ Áfríkà kọ lẹ́tà sí wọn nìyẹn, ọfà ló fi kọ ọ́.

ṢADÉ: Ti alápàáǹdẹ̀dẹ̀ gan-an tún pẹ́ sí i. Ní 1911 wọ́n fi òrùka sí ẹsẹ̀ ọ̀kan ní Staffordshire, nílẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, wọ́n rí i ní Natal, ní Gúúsù Áfríkà, ní oṣù Kejìlá 1912.

BỌ̀DÉ: Ẹ wá gbọ́ èyí. Ní Boje, ní ìpínlẹ̀ Cross River, alápàáǹdẹ̀dẹ̀ tó lé ní mílíọ̀nù kan ló máa ń sùn nínú eèsún lórí òkè nígbà ọyẹ́. Àwọn ará ibẹ̀ mọ̀ wọ́n dáadáa, wọ́n ń pa wọ́n jẹ. Willow warbler àti wood warbler náà, ọ̀dọ̀ wa nílẹ̀ Áfríkà ni wọ́n ń lo ìgbà òtútù. Ẹyẹ tí White fi gbogbo ayé rẹ̀ ṣọ́, àbọ̀ ìtàn rẹ̀ wà lọ́wọ́ wa. Ta ló kọ àbọ̀ yẹn sílẹ̀ ní Yorùbá?

ṢADÉ: Fágúnwà rẹ ńkọ́?

BỌ̀DÉ: Àwọn ẹyẹ wà nínú rẹ̀! Ògòǹgò ọba ẹyẹ dojú kọ àwọn ọdẹ lọ́nà Òkè Lángbòdó tí wọ́n ń lọ.

ṢADÉ: Igbó wo nítòsí Òkè-Igbó, ìlú Fágúnwà, ni ògòǹgò ti ń rìn? Ilẹ̀ gbígbẹ, pápá gbalasa, ni ògòǹgò ń gbé.

BỌ̀DÉ: Ẹ jẹ́ kí baba sinmi. Ìtàn ló ń pa, kò ka ẹyẹ.

ṢADÉ: Kò sí ẹ̀sùn. Mo kàn rò pé ọ̀dọ̀ ọdẹ ló yẹ ká ti wá White tiwa, kì í ṣe ọ̀dọ̀ òǹkọ̀wé. Oníjàálá ló ń dúró sí ibi kan nínú igbó títí tó fi mọ ìṣesí ẹranko, tó mọ ohùn ẹyẹ àti ibi tí ó ń jẹ̀. Adébóyè Babalọlá kó púpọ̀ nínú ìjálá jọ, ó tẹ̀ ẹ́ jáde ní 1966. Oríkì ẹranko àti ẹyẹ wà níbẹ̀, èébú wà níbẹ̀, ẹ̀rín wà níbẹ̀. Oníjàálá ò sì ya oògùn sọ́tọ̀ kúrò lára ẹyẹ bí White ṣe gbìyànjú láti yà á. Ṣùgbọ́n ẹran tó ṣeé jẹ àti ẹyẹ tó lókìkí ló pọ̀ jù. Agbe ló laró, àlùkò ló losùn, lékeléke ló lẹfun, gbogbo wa la mọ ìyẹn. Ẹyẹ wẹ́wẹ́ tí kò ní aró tí kò ní osùn ńkọ́?

BỌ̀DÉ: Ológoṣẹ́ la máa ń pe gbogbo wọn.

ṢADÉ: Ìwọ àti èmi là ń pè wọ́n bẹ́ẹ̀, tí a dàgbà sí ìgboro. Mi ò gbà pé àgbẹ̀ ń ṣe bẹ́ẹ̀. Torí náà iṣẹ́ wà fún ẹ̀yin tí ẹ ń gbọ́ wa. Bí bàbá tàbí ìyá yín bá ṣì ń lọ sóko, ẹ pè wọ́n lórí WhatsApp, ẹ bi wọ́n léèrè ẹyẹ tíńtín tó ń yọ nígbà ọyẹ́ tó sì ń lọ kí òjò tó rọlẹ̀. Kí ni wọ́n ń pè é, báwo ló ṣe ń ké? Ẹ gba ohùn wọn sílẹ̀, ẹ fi ránṣẹ́ sí wa.

BỌ̀DÉ: Ẹ jọ̀ọ́, kò gbọdọ̀ jẹ́ àwòdì. Gbogbo èèyàn ló mọ àwòdì.

ṢADÉ: Bọ̀dé ló máa jókòó gbọ́ gbogbo rẹ̀ o.

BỌ̀DÉ: Èmi kẹ̀? Àǹtí Ṣadé, ẹ mọ bí bàbá mi ṣe ń sọ̀rọ̀ lórí fóònù. Kó má ju ìṣẹ́jú kan lọ!