Orúkọ tí Google fún yín, ẹ wádìí ẹ̀ kẹ́ ẹ tó fi sọmọ

Assalaamu alaykum wa rahmatullaah, ẹ̀yin ará mi nínú ẹ̀sìn, ẹ kú Jímọ̀ o, Ọlọ́hun á jẹ́ ká rí oore inú ẹ̀ gbà.

Inú sálámà tí mo kí yín yẹn gan-an ni mo ti fẹ́ bẹ̀rẹ̀. "Alaykum" tó wà níbẹ̀, "lórí yín" ni ìtumọ̀ ẹ̀, ẹ fi sọ́kàn. Láìpẹ́ yìí bàbá ọmọ tuntun kan fi mẹ́sẹ́èjì ránṣẹ́ sí mi lórí WhatsApp, ọ̀la ni wọ́n fẹ́ sọmọ lórúkọ, ó ní "Àáfà, a ti rí orúkọ o, Alayna, orúkọ Lárúbáwá ni, ìmọ́lẹ̀ ọ̀run ni ìtumọ̀ ẹ̀, ó tún wà nínú Kùránì." Mo ní ta ló sọ bẹ́ẹ̀? Ó ní Google. Ó ya ojú fóònù ẹ̀ ránṣẹ́ sí mi, sáìtì mẹ́rin, mo kà wọ́n tán, ọ̀rọ̀ kan náà ni wọ́n kọ, kódà ibi tí ọ̀kan ti ṣi lẹ́tà kọ, ibẹ̀ náà ni àwọn mẹ́ta tó kù ti ṣì í. Ó rò pé òun ní ẹlẹ́rìí mẹ́rin, ẹlẹ́rìí kan ṣoṣo ló ní, àwọn yòókù kàn dà á kọ ni, ẹni àkọ́kọ́ ọ̀hún gan-an ò sì sọ ibi tó ti rí i.

Mo ní kó ṣí Súrà Yaasiin, àáyà 17. "Wa maa alaynaa illal balaagul mubiin." Ohun tí àwa oníwáàsí fi ń parí ọ̀rọ̀ lójoojúmọ́ nìyẹn o! Kò sí nǹkan tó wà lọ́rùn wa ju ká jíṣẹ́ lọ́nà tó yé ni. Alaykum, lórí yín. Alaynaa, lórí wa. Ọmọ wá fẹ́ máa jẹ́ Lórí-wa. Lórí-wa, wá jẹun. Lórí-wa ti sùn. Ó wà nínú Kùránì lóòótọ́, àmọ́ Firiaona, ìyẹn Fáráò, náà wà níbẹ̀, Zaqquum tó jẹ́ igi inú iná wà níbẹ̀, "abtar", ẹni tí wọ́n gé kúrò nínú oore, wà nínú Súrà Kaosara tí ọmọdé mọ̀ sórí.

Ọlọ́hun ní nínú Súrà Isiraa, àáyà 36, má tẹ̀lé nǹkan tí o ò nímọ̀ nípa ẹ̀, torí etí, ojú àti ọkàn, gbogbo wọn ni wọ́n máa bi léèrè. Bí ẹni tó bá fi orúkọ burúkú sọmọ bá ní òun kàn kà á ni, ojú tó fi kà á ńkọ́?

Ibi tó ti máa ń dojú rú jù ni pé ABD tí a fi ń kọ orúkọ ò gba gbogbo lẹ́tà Lárúbáwá. Ẹ kọ Asiya sílẹ̀ kẹ́ ẹ wò ó. Tó bá jẹ́ alif tó gùn àti siin ni, ìyàwó Firiaona nìyẹn, obìnrin tó gba Ọlọ́hun gbọ́ nínú ilé ọ̀tá Ọlọ́hun. Tó bá wá jẹ́ ayn àti ṣaad, "obìnrin aláìgbọràn" ni. Ó wà nínú ìwé hàdíìsì tí Muslim kó jọ pé ọmọbìnrin Umar kan ń jẹ́ ìkejì yìí, Ànábì (SAW) sì yí i padà sí Jamiila. Lẹ́tà méjì péré o! Qalb náà ni ọkàn, kalb ni ajá. Rayyaan ni ẹnu ọ̀nà Àlùjánnà tí àwọn aláààwẹ̀ máa gbà wọlé, Ryan tí àwọn ará Ireland ń jẹ́, ọ̀tọ̀ ni, ẹnu ló kàn fẹ́ pè wọ́n bákan náà.

Mi ò wá ní kẹ́ ẹ máa fi díkíṣọ́nárì lé orúkọ kiri o. Tẹ́ẹ bá tú gbòǹgbò Khadiija, ọmọ tí wọ́n bí láìtíì pé oṣù lẹ máa bá níbẹ̀, ta ló máa tìtorí ìyẹn sá fún orúkọ ìyá wa, ìyàwó Ànábì? Muusaa àti Ibraahiim gan-an kì í ṣe Lárúbáwá láti ìpilẹ̀, torí náà sáìtì tó bá ń tú wọn sí Lárúbáwá, àbá ló ń dá.

Àwa oníwáàsí náà ò mọ́ tán. Hàdíìsì tó ní orúkọ yín àti ti bàbá yín ni wọ́n máa fi pè yín lọ́jọ́ Àlùkìyámọ̀, kẹ́ ẹ jẹ́ kó dáa, èmi náà ti kà á lórí mínbárì rí, ohùn mi lọ sókè. Abu Daud tó kó o sínú ìwé ẹ̀ ló fúnra ẹ̀ sọ pé ẹni tó gbà á wá ò bá Abu Dardaa, sàábé tó ní òun gbà á lọ́wọ́ ẹ̀, pàdé rárá. Èyí tó dúró sán-ún wà nínú Muslim, pé Abdullaah àti Abdurrahmaan ni Ọlọ́hun fẹ́ràn jù nínú orúkọ.

Torí náà, kẹ́ ẹ tó gba orúkọ kan, ẹ ní kí wọ́n fi lẹ́tà Lárúbáwá kọ ọ́ fún yín, kẹ́ ẹ gbé e lọ bá ẹni tó gbọ́ èdè yẹn. Kì í gbà ju ìṣẹ́jú márùn-ún lọ.

Láago mọ́kànlá alẹ́, bàbá ọmọ tún pè mí, ó ní ìyá ọmọ ti mú òmíràn, Amina. Mo ní ó dáa, ó ti tán. Ó dákẹ́ díẹ̀. "Àáfà, èwo nínú ẹ̀? Alif tó gùn ló wà níwájú ni, àbí yaa ló wà láàárín?" Ẹ̀rín pa mí. Mo ní tó bá jẹ́ alif tó gùn, Aamina, orúkọ ìyá Ànábì, ẹni tí ọkàn ẹ̀ balẹ̀, tó bá jẹ́ yaa, Amiina, ẹni tó ṣeé fọkàn tán. Ó ní kí n má tíì sùn, kóun lọ bi ìyá ọmọ.