Dìde, Lọ San Án

As-salaamu alaykum wa rahmatullaahi wa barakaatuh, ẹ̀yin ará mi nínú ẹ̀sìn. Ẹ kú Jímọ̀ o.

Ìbéèrè kan wà tí àwọn èèyàn máa ń bi áfáà ní bòókẹ́lẹ́: gbèsè báńkì ti wọ̀ mí lọ́rùn, ọ̀rọ̀ ti dé kóòtù, ṣé ó tọ́ kí Mùsùlùmí bẹ báńkì pé kó dín in kù?

Ó tọ́. Ó ṣẹlẹ̀ nínú mọ́sálásí Ànábì (kí ìkẹ́ àti ọlà Ọlọ́hun máa bá a) ní Mẹ̀dínà. Sàhábà Ka'b ọmọ Maalik ń bèèrè owó tí sàhábà mìíràn, Ibn Abi Hadrad, jẹ ẹ́. Ohùn wọn ròkè títí Ànábì fi gbọ́ ọ nínú ilé. Ó ká aṣọ ẹnu ọ̀nà, ó pe Ka'b, ó fọwọ́ júwe fún un pé kó yọ ìdajì kúrò. Ka'b ní òun ti yọ ọ́. Ànábì wá kọjú sí onígbèsè: "Dìde, lọ san án." Imaamu Bukhari ló gbà á wá.

Ẹ̀yin èèyàn mi, "yọ ìdajì" la fẹ́ràn, a kì í fẹ́ gbọ́ "dìde". Ní kóòtù Nàìjíríà, lọ́yà méjèèjì á kọ àdéhùn sílẹ̀, adájọ́ á sọ ọ́ di ìdájọ́. Oṣù kìíní, a san. Oṣù kejì, a ti pa fóònù. Àwọn mìíràn ò tilẹ̀ wá àdéhùn. Àṣẹ tí báńkì ò fi ní lè fọwọ́ kan ilé tí wọ́n fi dúró ni wọ́n ń wá, kí ẹjọ́ lè máa sún láti ọdún dé ọdún. Ẹlòmíràn á gbá Àlùkùránì mú, á búra pé òun ò ní kọ́bọ̀, ilé tuntun sì ń lọ sókè lórúkọ ìyàwó rẹ̀. Ọkàn mi máa ń gbọgbẹ́ tí mo bá rántí èyí. Ànábì ní kí ẹni tó lówó lọ́wọ́ máa fi gbèsè falẹ̀, àbòsí ni.

Ti ẹni tí ṣọ́ọ̀bù rẹ̀ jóná, tàbí tí ọjà rẹ̀ bà jẹ́ lórí omi, yàtọ̀. Súrà Baqarah, aayah 280, ní kí wọ́n lọ́ ọ lára títí yóò fi rọ̀ ọ́ lọ́rùn. Aayah tó ṣáájú rẹ̀ sì fún olówó ní ojú owó rẹ̀ nìkan: ẹ ò ní ṣàbòsí, wọn ò sì ní ṣàbòsí sí yín. Nítorí náà, bẹ báńkì kó yọ èlé, èèwọ̀ ni èlé tẹ́lẹ̀. Ṣùgbọ́n ojú owó tí o gbà, tiwọn ni.

Má dúró de ìwé ìpẹ̀jọ́ kí o tó lọ bá wọn. Sọ iye tó wà lọ́wọ́ rẹ gan-an, má sì fọwọ́ sí iye tí o mọ̀ pé apá rẹ ò ká. Ànábì máa ń wá ìṣọ́ra Ọlọ́hun kúrò níbi gbèsè, ó ní tí onígbèsè bá sọ̀rọ̀ á parọ́, tó bá ṣàdéhùn á yẹ̀ ẹ́.

Ẹni tí ẹjọ́ rẹ̀ wà lọ́sẹ̀ tó ń bọ̀, kó mú àdúà yìí dání. Sàhábà Ali fi kọ́ ẹrú kan tí kò rí owó òmìnira rẹ̀ san, ó ní bí gbèsè bá tó òkè ńlá, Ọlọ́hun á bá a san án: Allaahumma ikfinii bi halaalika 'an haraamika, wa aghninii bi fadlika 'amman siwaak. Ìtumọ̀ rẹ̀ ni pé: Ọlọ́hun, fi ẹ̀tọ́ Rẹ tó mi kúrò níbi èèwọ̀ Rẹ, kí O sì fi ọlá Rẹ rọ̀ mí lọ́rọ̀ kúrò lọ́dọ̀ ẹlòmíràn yàtọ̀ sí Ọ.