Fàkàfìkì: ìrántí rélùwéè láti ìlú tí ojú irin kò dé

Tí ẹ bá dúró sí Ọjà Ọba ní Àkúrẹ́ lónìí, tí ẹ bi àwọn ìyá tó ń tajà níbẹ̀ pé níbo ni téṣàn rélùwéè wà, wọ́n á wò yín bí ẹni tó ń wá etí òkun lórí Òkè Ìdànrè. Kò sí. Kò sí ní Àkúrẹ́, kò sí ní Oǹdó, kò sí ní Ọ̀wọ̀. Àmọ́ ẹ jókòó ti àgbàlagbà kan tó ti lé ní ọgọ́rin ọdún, kí ẹ ṣáà ti dárúkọ rélùwéè. Ilẹ̀ á ṣú mọ́ yín níbẹ̀.

Ẹ kú ìjókòó o. Ọ̀rọ̀ ọkọ̀ ojú irin la fẹ́ sọ lónìí: kí ló dé tí ọkọ̀ tí kì í tètè dé ibi tó ń lọ fi wọ àwọn èèyàn lọ́kàn tó bẹ́ẹ̀, kí ló sì dé tí ojú irin àtijọ́ fi máa ń gba ibi tó rẹwà kọjá?

Ìyá bàbá mi, ọmọ Àkúrẹ́ pọ́ńbélé, obì ni wọ́n ń tà nígbà tí ara wọn ṣì le. Bọ́lẹ́kájà ló máa ń gbé wọn pẹ̀lú agbọ̀n obì tí wọ́n fi ewé tútù tẹ́ nínú, gba Ìgbárà-Òkè, Ìpetu-Ìjẹ̀ṣà àti Iléṣà, títí dé Òṣogbo. Òṣogbo ni wọ́n ti ń wọ rélùwéè lọ sí Kánò. Tí ẹ bá bi wọ́n nípa bọ́lẹ́kájà, ẹ̀yìn dídùn àti eruku ni wọ́n á sọ fún yín. Rélùwéè ńkọ́? Ńṣe ni wọ́n á bẹ̀rẹ̀ sí ka téṣàn bí ẹni ń ki oríkì: Òṣogbo, Ìkìrun, Òkukù, Ọ̀fà, Ìlọrin, Jẹ́bà...

Ẹ wo bí ojú irin náà ṣe lọ. Ọdún 1896 ni ìjọba àmúnisìn bẹ̀rẹ̀ sí tẹ́ irin láti Èkó. Ní oṣù kẹta ọdún 1901, ọ̀nà náà ti dé Ìbàdàn. Ó gba Òṣogbo kọjá, ó dé Ìlọrin ní 1908, ó sì kan Odò Ọya ní Jẹ́bà ní 1909. Ẹ rí i pé kò yà sọ́wọ́ ọ̀tún wá kí wa rárá. Òkè Ọya lojú wọn wà. Tiwa, ojú omi ni àwọn ará ìhà Òkìtìpupa fi ń bá Èkó ṣòwò, gba orí ọ̀sà. Nígbà tí kòkó sì wá di ọba lóko wa, lọ́rì ló gbà á lọ́wọ́ wa.

Ó yá, ẹ jẹ́ ká dé ibi tí mo fẹ́ràn jù. Fífẹ̀ ojú irin àtijọ́ yẹn, láti irin kan sí èkejì, kò ju 1,067 mìlímítà lọ, ìyẹn ẹsẹ̀ bàtà mẹ́ta àti ààbọ̀. Tuntun tí wọ́n tẹ́ láti Èkó sí Ìbàdàn, 1,435 ni. Ẹ lè ní kí ni ti fífẹ̀ já mọ́? Ojú irin tóóró kì í náni lówó púpọ̀, ó sì lè ṣẹ́ kọ́nà kúkúrú. Nítorí náà, bí àwọn tó ń la ọ̀nà nígbà náà bá pàdé òkè, wọn kì í bá a jà, wọ́n á yí i ká. Bí wọ́n bá pàdé odò, wọ́n á bá a rìn títí wọ́n á fi rí ibi tó ṣeé dá afárá sí. Ìdí nìyẹn tí ọkọ̀ náà fi ń rìn kọ́rọkọ̀rọ. Láàárín Abẹ́òkúta àti Ìbàdàn, ní Olókèméjì, òkè ló wà níbẹ̀, igbó ọba tí ìjọba ti ń dáàbò bò láti 1899 ló wà níbẹ̀, Odò Ògùn sì ń ṣàn nítòsí. Kò sí ẹni tó la ọ̀nà yẹn fún ìgbádùn ojú. Owó ni wọ́n ń ṣọ́. Ẹwà kàn bá a dé ni.

Ìró rẹ̀ ńkọ́? Iná ló ń jó nínú ẹ́ńjìnnì àtijọ́. Èédú tí wọ́n ń wà ní Enúgu, tàbí igi ìdáná, ni wọ́n ń fi ṣọ́bìrì rọ sínú ààrò rẹ̀. Omi inú àgbá ńlá á hó, ooru rẹ̀ á wá ọ̀nà àbájáde, á máa ti irin kan síwá sẹ́yìn, irin yẹn á sì máa yí ẹsẹ̀ ọkọ̀. Bí ooru bá ti ṣiṣẹ́ rẹ̀ tán, á gba ojú èéfín jáde: fùù! Ẹ́ńjìnnì tó bá ní sílíńdà méjì, ẹ̀ẹ̀mẹrin ló ń mí bẹ́ẹ̀ kí ẹsẹ̀ rẹ̀ tó yí po lẹ́ẹ̀kan. Wàyí o, ẹ ka ohun tí àwọn ọmọdé ń pè é: fà, kà, fì, kì. Mẹ́rin géérégé! Etí Yorùbá kò ní ẹlẹ́gbẹ́.

Kọ̀-kọ̀, kọ̀-kọ̀ tó ń dún nísàlẹ̀ ọkọ̀, èyí tó máa ń rẹ ọmọ sùn, ojú ìsopọ̀ irin ni. Oòrùn máa ń mú kí irin gùn sí i, torí náà wọ́n fi àlàfo díẹ̀ sílẹ̀ láàárín irin kan àti èkejì. Gbogbo ìgbà tí ẹsẹ̀ ọkọ̀ bá kọjá lórí àlàfo yẹn ló ń kanlẹ̀. Irin ìgbàlódé, jíjó ni wọ́n ń jó o pọ̀ di ọ̀kan gbọọrọ, ló fi jẹ́ pé kì í pariwo.

Ní oṣù kẹrin ọdún 1901, oṣù kan péré lẹ́yìn tí ọkọ̀ dé Ìbàdàn, wọ́n ṣí ojú irin kan ní Scotland, láti Fort William lọ sí Mallaig. Ẹja ló jẹ wọ́n lógún, bí irè oko ṣe jẹ àwọn tibí lógún. Ó gba orí afárá Glenfinnan, tó ní ihò 21 tí orí wọn tẹ̀ bí òṣùmàrè. Lónìí, àwọn èèyàn ń ti òkè òkun wá torí ọ̀nà yẹn. Ẹ́ńjìnnì oníná ṣì ń fa ọkọ̀ níbẹ̀ lásìkò ẹ̀ẹ̀rùn wọn, àwọn mìíràn á sì gun òkè lọ dúró láti wo èéfín rẹ̀ lásán. Ẹgbẹ́ kan náà ni tiwọn àti tiwa o. Tiwa, ilé kan wà ní ọgbà rélùwéè Èbúté Mẹ́tta ní Èkó, Jaekel House, tí wọ́n kọ́ ní 1898, tó ti di ilé ìṣẹ̀ǹbáyé rélùwéè. Ẹ yà síbẹ̀ bí ẹ bá dé Èkó.

Fún ará Àkúrẹ́ tó bá fẹ́ fojú ara rẹ̀ rí i, ọ̀nà méjì ló wà. Ẹ lè gba Ọ̀wọ̀ àti Ìkàrẹ́ lọ sí ìhà Okene, kí ẹ wọ ọkọ̀ ní Itakpe lọ sí Warri. Wọ́n bẹ̀rẹ̀ ojú irin yẹn ní 1987, 2020 ni wọ́n tó ṣí i. Ẹni tí wọ́n bí lọ́jọ́ ìpìlẹ̀ rẹ̀ ti lè bí tirẹ̀. Tàbí kí ẹ lọ sí Mọ́níyà ní Ìbàdàn, kí ẹ wọ èyí tó ń lọ sí Èkó, 157 kìlómítà, tí wọ́n ṣí ní 2021.

Mọ́níyà ni èmi lọ. Ọkọ̀ tutù, àga dára, ó ń lọ wọ́ọ́rọ́wọ́. Nígbà tí mo padà sí Àkúrẹ́, mo lọ ròyìn fún Ìyá Àgbà. Wọ́n ní, "Kí lo rà lójú fèrèsé?" Mo ní fèrèsé kò ṣeé ṣí, mà, ẹ̀rọ amúlétutù ló wà nínú rẹ̀. Wọ́n ní, "Kò sẹ́ni tó gbé iṣu sísun wá? Kò sẹ́ni tó ta ẹ̀pà? Ìwọ àti ẹni tó jókòó tì ọ́, ibo ló ní òun ń lọ?" Mo ní fóònù lónítọ̀hún ń tẹ̀.

Wọ́n wò mí, wọ́n mirí.

"O ò tíì wọ rélùwéè nìyẹn."