Ẹ Má Fi Ewé Irà Yìí Se Adìyẹ

Ẹ wò ó, àbúrò mi obìnrin tó ń gbé ní Sweden ló fi fọ́tò ránṣẹ́ sí mi lórí WhatsApp. Igi kékeré kan, kò tó orúnkún, tó hù láàárín irà. Ó ní, “Ẹ̀gbọ́n mi, rosemary ọ̀fẹ́ rèé o! Adìyẹ ni mo fẹ́ fi sè.” (Rosemary ni ewé olóòórùn dídùn táwọn òyìnbó fi ń se ẹran.) Òṣogbo níbí ni mo ti pè é lójú ẹsẹ̀: má já a! Má fi kan ẹnu!

Andromeda polifolia lohun tó rí. Òdòdó rẹ̀ wù mí gan-an: agogo tíntìntín, funfun tó pọ́n díẹ̀ bíi píǹkì, gbogbo wọn dorí kodò. Linnaeus, ọmọ Sweden tó sọ ewéko rẹpẹtẹ lórúkọ, bá a pàdé ní Lapland, ìhà àríwá ibẹ̀ lọ́hùn-ún, lọ́dún 1732. Bó ṣe dúró sínú omi rán an létí Andromeda, ọmọbìnrin inú ìtàn ilẹ̀ Gíríìsì tí wọ́n dè mọ́ àpáta létí òkun.

Ṣùgbọ́n májèlé ń bẹ nínú rẹ̀! Grayanotoxin lorúkọ májèlé náà. Ẹni tó bá jẹ ẹ́ lè máa bì, kí ìfúnpá ẹ̀jẹ̀ rẹ̀ já wálẹ̀, kí ọkàn rẹ̀ máa lù díẹ̀díẹ̀.

Ibi tẹ́ ẹ ti máa ń ṣì í rèé. Ẹ ó yí ewé padà, ẹ ó rí i pé ẹ̀yìn rẹ̀ funfun, etí rẹ̀ ká wọnú, ẹ ó ní, “Rosemary ni.” Rárá o! Ẹ̀yìn ewé rosemary náà funfun, etí tiẹ̀ náà ká. Ẹ̀YÌN EWÉ Ò LÈ YÀ WỌ́N SỌ́TỌ̀. Mo tún un sọ: ẹ̀yìn ewé ò lè yà wọ́n sọ́tọ̀!

Bí ewé ṣe jókòó lára igi ni kẹ́ ẹ wò. Ẹfínrín àti ewúro ni mo já lẹ́yìnkùlé yìí. Ẹ sún mọ́ ọn. Ẹfínrín: ewé méjì kọjú síra lójú kan náà, bí ìbejì. Ewúro: ọ̀kan níhìn-ín, ọ̀kan lókè rẹ̀ lódìkejì, wọn ò pàdé. Ẹbí ẹfínrín ni rosemary, méjìméjì lewé tiẹ̀ náà. Andromeda ń ṣe bí ewúro. Méjìméjì, rosemary. Ọ̀kọ̀ọ̀kan, ẹ fi í sílẹ̀!

Ẹ tún fi ìka ra ewé náà kẹ́ ẹ gbóòórùn rẹ̀. Rosemary á ta sánsán. Andromeda ò ní òórùn yẹn. Àmọ́ ẹ kọ́kọ́ fọwọ́ o, torí tọ́wọ́ bá ti kan rosemary tẹ́lẹ̀, irọ́ ni imú máa pa fún yín.

Ẹ̀yin tẹ́ ẹ sì ń béèrè bóyá ó lè hù létí odò Ọ̀ṣun, kò lè ṣe é. Àkùrọ̀ tiwa lọ́ràá, ó lóoru. Irà tiẹ̀ tutù, ilẹ̀ ibẹ̀ kan, kò sì lọ́ràá rárá. Olú tíntìntín tó ń bá gbòǹgbò rẹ̀ gbé ló ń bá a wá oúnjẹ.

Àbúrò mi fi fọ́tò mìíràn ránṣẹ́ lálẹ́ ọjọ́ náà. Mo fẹ̀ ẹ́ lójú fóònù. Ọ̀kan níhìn-ín, ọ̀kan lókè rẹ̀ lódìkejì.