"Ìpín tèmi ni mo lu"

Àsàlámù aleikun wárámọ́tùlọ́ì wábárákátù. Ẹ̀yin ará, a kú Jímọ̀ o.

Numan ọmọ Bashir, ọ̀kan nínú àwọn sàábé Ànábì, ló gba hádíìsì (ọ̀rọ̀ Ànábì) yìí wá, ó wà nínú ìwé Bukhari. Ànábì wa (kí ìkẹ́ àti ọlà Ọlọ́hun máa bá a) sọ nípa àwọn kan tó ṣẹ́ gègé nínú ọkọ̀ ojú omi: àwọn kan bọ́ sókè, àwọn yòókù bọ́ sísàlẹ̀. Ọ̀dọ̀ ará òkè ni ará ìsàlẹ̀ ń gbà kọjá lọ pọn omi. Ni wọ́n bá ní, "Ká kúkú lu ihò sí ìpín tiwa, ká má baà yọ ará òkè lẹ́nu." Ànábì ní bí wọ́n bá fi wọ́n sílẹ̀, gbogbo wọn ló máa ṣègbé, bí wọ́n bá di ọwọ́ wọn mú, gbogbo wọn ló máa là.

Ẹ gbọ́ o, wọn ò gbèrò ibi. Àánú ará òkè ni wọ́n ní àwọn ń ṣe!

L'Abẹ́òkúta tiwa ńkọ́? Ará òkè gan-an ló ń lu ọkọ̀. Òjò á ṣú, ẹni tó kọ́lé sórí àpáta á yí àpò ìdọ̀tí dà sínú gọ́tà, á ní àgbàrá á gbé e lọ. Àgbàrá gbé e lọ lóòótọ́: pámpàsì, ọ̀rá piọ́wọ́tà, gbogbo rẹ̀ lọ dí ẹnu gọ́tà nísàlẹ̀, omi ya wọ yàrá ìyá alágbo, ó ba gàrí rẹ̀ jẹ́. Nígbà tílẹ̀ mọ́, títì ti jẹ, ọ̀gá orí àpáta ò rọ́nà gbé mọ́tò lọ sí Kútọ̀.

Alága àdúgbò tó so kọ́kọ́rọ́ ẹ̀rọ omi mọ́dìí ṣòkòtò, tó jẹ́ pé ẹni tó bá wù ú ló ń rí omi pọn, òun náà ńkọ́? Lójú tèmi (hádíìsì ò sọ èyí o), bí ará òkè bá ti ń bu omi fún ará ìsàlẹ̀ tẹ̀rín-tọ̀yàyà, ta ni ì bá wá àáké kiri?

Aké, Òkè-Ọnà, Gbágùrá, Òwu, ìpín mẹ́rin tó wà l'Abẹ́òkúta: olúkúlùkù ló ní ọba tirẹ̀ títí dòní. Ṣùgbọ́n nígbà tí ogun Dàhòmì dé ẹnu odi Aró lóṣù kẹta 1851, ta ni wọ́n bi léèrè pé ọmọ ibo ni? Ọlọ́hun ní ká ṣọ́ra fún àdánwò tí kò níí mọ sọ́dọ̀ àwọn alábòsí nìkan (Al-Anfal, áyà 25).

Torí náà, bí òjò bá ṣú tí aládùúgbò rẹ gbé àpò ìdọ̀tí jáde, di ọwọ́ rẹ̀ mú. Má pariwo lé e lórí. Ti alága oníkọ́kọ́rọ́, kí ẹ̀yin méjì mẹ́ta lọ bá a nílé lẹ́yìn ìrun alásárì lónìí.